Níbo Ni Àwọn Ọmọ Ń Sùn?

Àwọn tí omi òjò wọlé tọ̀ ní ọ̀sẹ̀ tí ó kọjá, a kí yín kú ewu. Ọlọ́run yóò fi òmíràn rọ́pò ohun tí ó bàjẹ́.

Ọ̀rọ̀ wa ti òní wà nínú ìwé Diutarónómì, orí 22, ẹsẹ̀ 8. Ẹsẹ̀ kan péré ni, kò sì gùn. Ẹ jọ̀wọ́, ẹ ṣí i nínú Bíbélì tiyín, nítorí ọ̀pọ̀ nínú wa ni kò tíì gbọ́ kí ẹnikẹ́ni fi í wàásù rí. Ohun tí Mósè pa láṣẹ níbẹ̀ ni pé, ẹni tí ó bá kọ́ ilé titun ní láti ṣe ìgbátí yí òrùlé rẹ̀ ká, kí ẹnìkan má baà ti ibẹ̀ ṣubú, kí ẹ̀jẹ̀ rẹ̀ má sì wá sórí ilé náà. Òrùlé àwọn ará Ísírẹ́lì tẹ́jú pẹrẹsẹ. Wọn a máa rìn lórí rẹ̀, wọn a máa sá ọ̀gbọ̀ síbẹ̀, wọn a sì máa gba atẹ́gùn níbẹ̀ ní ìrọ̀lẹ́. Pánù ni tiwa, ológbò nìkan ni ó ń rìn lórí rẹ̀. Nítorí náà ẹlòmíràn lè rò pé òfin yìí kò kàn wá. Àwa náà rò bẹ́ẹ̀, títí di àkókò òjò ọdún tí ó kọjá.

Arákùnrin wa kan parí ilé rẹ̀ ní ìhà Rumuokoro. Ọdún 9 ni ó fi kọ́ ọ. Bí owó bá wọlé a ra búlọ́ọ̀kù, bí owó bá tán a dúró. A kò ní dárúkọ rẹ̀, ṣùgbọ́n òun tìkára rẹ̀ ni ó bẹ̀ wá pé kí a sọ ohun tí ó ṣẹlẹ̀ fún ìjọ. Ní ọjọ́ ìṣílé, gbogbo wa lọ. A kọrin, a gbàdúrà, a jẹ, a mu. Wọ́n mú wa yí ilé ká. A rí pálọ̀ tí ó lè gba 40 ènìyàn. A rí iyàrá àlejò, fèrèsé rẹ̀ ńlá méjì, balùwẹ̀ tirẹ̀ lọ́tọ̀ pẹ̀lú táìlì láti ilẹ̀ dé àjà. A yin Ọlọ́run. Nígbà tí a dé ẹ̀yìn ilé, a bá ilẹ̀kùn kan ní títì. Wọ́n ní iyàrá àwọn ọmọ ni, pé inú rẹ̀ ṣì rí wúruwùru. A rẹ́rìn-ín, a sì kọjá.

Ọmọ 4 ni ó ń sùn nínú iyàrá náà. Fèrèsé kan ṣoṣo ni ó ní, fèrèsé náà sì kọjú sí ọ̀nà tóóró tí ó wà láàárín ilé àti ògiri ọgbà. Ibẹ̀ ni wọ́n gbé ẹ̀rọ amúnáwá sí, kí ariwo rẹ̀ má baà dí àwọn àlejò lọ́wọ́ ní pálọ̀. Kò tó oṣù 2 lẹ́yìn ìṣílé, òjò ńlá rọ̀ ní òru, wọ́n sì ti mú iná lọ. Wọ́n ti ẹ̀rọ náà sún mọ́ abẹ́ òrùlé kí òjò má baà pa á, wọ́n sì lọ sùn. Ọmọ ọwọ́ tí ó wà lọ́dọ̀ ìyá rẹ̀ ni ó jí tí ó ń ké. Nígbà tí ìyá dìde láti bu omi, ó ní kí òun yọjú wo àwọn tí ó kù. Ó pe wọ́n, kò sí ẹni tí ó dáhùn. Ó mi wọ́n, orí wọn ń yí síhìn-ín sọ́hùn-ún. Bàbá àti ìyá fà wọ́n jáde lọ́kọ̀ọ̀kan sínú òjò, àwọn aládùúgbò sì fi ọkọ̀ gbé wọn lọ sí ilé ìwòsàn. Ọlọ́run yọ wọ́n, gbogbo wọn yè. Ọjọ́ 6 ni èkejì wọn lò níbẹ̀ kí ó tó mọ orúkọ ara rẹ̀ dáadáa.

Èéfín tí ń ti ẹnu ẹ̀rọ amúnáwá jáde ní afẹ́fẹ́ olóró kan nínú tí àwọn oníṣègùn ń pè ní carbon monoxide. Kò ní àwọ̀, kò sì ní òórùn. Òórùn epo tí imú wa ń gbọ́ kọ́ ni ó ń pa ènìyàn bẹ́ẹ̀. Èyí tí imú kò gbọ́ ni. Bí a bá fà á símú, yóò dì mọ́ ẹ̀jẹ̀, yóò sì gba ipò afẹ́fẹ́ rere tí ó yẹ kí ẹ̀jẹ̀ gbé lọ sí ọpọlọ àti ọkàn. Ẹni tí ó lajú lè ní orí fífọ́ àti èébì, kí ó sì sá jáde; ẹni tí ó ti sùn lè má mọ nǹkan kan. Àwọn amòye ní kí ẹ̀rọ náà jìnnà sí ilé tó ẹsẹ̀ bàtà 20, ó kéré tán, kí ẹnu rẹ̀ má sì kọjú sí fèrèsé ẹnikẹ́ni, ìbáà ṣe ti aládùúgbò. Lórí ilẹ̀ tóóró tí a ń rà ní ìlú yìí, ẹsẹ̀ bàtà 20 ṣòro láti rí. Bí a kò bá rí i, kí a pa á kí a tó sùn. Ooru yóò mú wa, lóòótọ́. Ooru kò tíì gbé ọmọ kankan nínú ìjọ yìí dé ilé ìwòsàn.

Nígbà tí a lọ kí arákùnrin wa, ó ń sunkún, ó ní ẹ̀bi òun ni. Ẹ̀bi rẹ̀ wà níbẹ̀, a kò ní purọ́ fún un. Ṣùgbọ́n a padà sílé, a sì bi ara wa léèrè: ta ni ó gbàdúrà sí ilé náà? Ta ni ó fọwọ́ kan ògiri pálọ̀ tí ó ní kí àlàáfíà wà nínú rẹ̀? Àwa ni. A bá ilẹ̀kùn iyàrá àwọn ọmọ ní títì, a kò sì ní kí wọ́n ṣí i.

Àwọn àgbà a máa wí pé ilé ni à ń wò kí a tó sọ ọmọ lórúkọ. Ọ̀rọ̀ náà dára. Ṣùgbọ́n nígbà tí àkókò bá tó láti ya àwòrán ilé, a kì í wo ọmọ. Àlejò ni a máa ń wò. A ń rò ó pé bí àwọn ará ilé ìyàwó bá dé, níbo ni wọn yóò jókòó. Bí ọ̀gá ibi iṣẹ́ bá yà wá, kí ni ojú rẹ̀ yóò rí. Ohun tí ó bá ṣẹ́kù lẹ́yìn pálọ̀, lẹ́yìn iyàrá àlejò, lẹ́yìn iyàrá bàbá àti ìyá, òun ni a ó pè ní iyàrá àwọn ọmọ.

Ẹ jẹ́ kí a wo ilé kan nínú Ìwé Mímọ́, nínú Àwọn Ọba Kejì, orí 4. Obìnrin ọlọ́lá kan ní Ṣúnémù rí i pé wòlíì Èlíṣà a máa gba ibẹ̀ kọjá, ó sì bá ọkọ rẹ̀ sọ ọ́ pé kí wọ́n kọ́ iyàrá kékeré kan fún un ní òkè ilé. A ka ohun tí wọ́n kó síbẹ̀ fún wa lọ́kọ̀ọ̀kan: ibùsùn, tábìlì, àga, àti fìtílà. A ti fi orí yìí wàásù lórí àlejò ṣíṣe lọ́pọ̀ ìgbà, a sì ti fi í gba owó ilé àlejò ìjọ lọ́wọ́ yín. Ṣùgbọ́n ẹ kà á síwájú. Obìnrin náà kò tíì bímọ nígbà tí wọ́n kọ́ iyàrá yẹn. Nígbà tí ó wá bímọ, tí ọmọ náà sì tó ẹni tí ń tọ bàbá rẹ̀ lọ sí oko, orí bẹ̀rẹ̀ sí í fọ́ ọ láàárín àwọn olùkórè. Wọ́n gbé e wá bá ìyá rẹ̀, orí ẹsẹ̀ ìyá ni ó sì kú sí ní ọ̀sán gangan. Níbo ni ìyá gbé e lọ? Orí ibùsùn àlejò ni. Inú iyàrá àlejò ni wòlíì gbé ti ilẹ̀kùn tí ó gbàdúrà, ibẹ̀ ni ọmọ náà gbé sín lẹ́ẹ̀méje tí ó sì lajú. Iyàrá tí wọ́n fi gbogbo ọkàn kọ́ nínú ilé náà, ọmọ ni ó gbà á ní ọjọ́ tí ọ̀ràn dé.

A kò wí pé àwọn bàbá wa kò mọ ọmọ tọ́jú. Nínú agboolé tí a bí ọ̀pọ̀ nínú wa sí, kò sí ohun tí à ń pè ní iyàrá ọmọdé. Orí ẹní ni a sùn, ní ọ̀dẹ̀dẹ̀, lẹ́gbẹ̀ẹ́ ìyá àgbà, àwa ọmọ mẹ́jọ tàbí mẹ́wàá, ẹsẹ̀ ẹnìkan lórí ikùn ẹnìkejì. Balùwẹ̀ wà ní ẹ̀yìnkùlé, imọ̀ ọ̀pẹ ni ògiri rẹ̀, òkúta ni ilẹ̀ rẹ̀. Kò sì sí ohun tí ó ṣe wá, nítorí pé ojú 20 ni ó ń ṣọ́ wa. Ìyá àgbà kì í sùn tán. Ẹni tí ó bá dìde ní òru, gbogbo ilé ni yóò bi í pé níbo ni ó ń lọ. Ìyẹn ni ìgbátí òrùlé wọn. A kò fi sìmẹ́ńtì kọ́ ọ, ṣùgbọ́n ó wà. Àwa kó ọmọ wá sí Port Harcourt, a kò sì kó ìyá àgbà wá. Bàbá ń ṣiṣẹ́ òru ní Trans-Amadi, ìyá jí lọ sí ọjà ní agogo 5. Ojú tí ó yẹ kí ó ṣọ́ ọmọ kò sí mọ́. Iyàrá àti ilẹ̀kùn ni ó kù tí yóò ràn wá lọ́wọ́, nítorí náà ó yẹ kí a fara balẹ̀ gbèrò wọn.

Nǹkan tí a fẹ́ sọ tẹ̀ lé èyí, kò rọrùn láti sọ ní ilé Ọlọ́run, ṣùgbọ́n a ó sọ ọ́. Ọmọkùnrin àti ọmọbìnrin tí ó ti ń tó ọdún 10 kò yẹ kí wọ́n máa sun iyàrá kan náà bí a bá lè yà wọ́n. Àwọn ará wa Mùsùlùmí ní ẹ̀kọ́ yìí láti ayébáyé, pé bí ọmọ bá pé ọdún 10 kí a ya ibùsùn wọn sọ́tọ̀. Ní ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì pẹ̀lú, òfin ilé gbígbé ti ọdún 1935 wí pé ilé tí ọkùnrin àti obìnrin tí ó ti pé ọdún 10, tí wọn kì í sì í ṣe tọkọtaya, bá ní láti sun iyàrá kan náà, ilé náà ti kún jù. Ènìyàn méjì tí kò bá ara wọn gbèrò ni ó dé orí ọdún kan náà. Ẹ má ṣe rò pé ọmọ yín yàtọ̀.

Ti àlejò ńkọ́? Àbúrò ìyàwó dé láti wá iṣẹ́ ní ilé-iṣẹ́ epo. Ọmọ ẹ̀gbọ́n bàbá dé láti kọ́ iṣẹ́. Ọmọlúàbí ni wọ́n, a kò sì ní lé wọn. Ṣùgbọ́n nígbà tí alẹ́ bá lẹ́, à ń sọ pé, "Ìwọ, lọ bá àwọn ọmọ sùn." Ẹ̀yin ará, ohun tí ó ń ba ọmọ jẹ́ kì í sábà wá láti ojú títì. Ẹni tí ọmọ ń pè ní bọ̀dá ni, tàbí àǹtí. A ti gbọ́ ẹjọ́ irú èyí ju ẹ̀ẹ̀kan lọ nínú ìjọ yìí, a sì fi omijé gbọ́ ọ. Kí àlejò sun pálọ̀. Ẹní títẹ́ ní pálọ̀ kì í ṣe ẹ̀gàn fún ẹnikẹ́ni. Ẹni tí ó bá kà á sí ẹ̀gàn, kí ó lọ gba ilé. Kí a sì rántí ọmọ ọ̀dọ̀ tí ó ń sùn lórí ilẹ̀ ní ilé ìdáná lẹ́gbẹ̀ẹ́ gáàsì. Ọmọ ẹnìkan ni òun náà.

Ṣùgbọ́n ọ̀pọ̀ nínú yín ni kò ní ilẹ̀ tí ẹ ó ya àwòrán ilé sí. Ẹ ń gbé iyàrá kan ní Diobu, ní Mile 1 tàbí Mile 3, ilẹ̀kùn kọjú sí ilẹ̀kùn, balùwẹ̀ kan fún gbogbo ilé. A mọ̀. Ìlú tí a tẹ̀ dó fún èbúté àti reluwé ni Port Harcourt. Ọdún 1913 ni wọ́n sọ ọ́ ní orúkọ yìí, ọdún 1916 sì ni ọ̀nà irin so ó mọ́ Enugu kí èédú lè dé etí omi. Òṣìṣẹ́ ni ó kọ́kọ́ ń wá ibẹ̀, iyàrá kan a sì tó ọkùnrin tí ó fi aya sílẹ̀ nílé. Ìdílé ni ó wà nínú àwọn iyàrá bẹ́ẹ̀ nísinsìnyí. Kí ojú má ṣe tì yín. Nínú Lúùkù orí 11, Olúwa wa sọ nípa ọkùnrin kan tí kò fẹ́ dìde ní ọ̀gànjọ́ nítorí pé òun àti àwọn ọmọ rẹ̀ ti wà lórí ibùsùn. Ẹni tí ó sọ ìtàn yẹn mọ ilé oníyàrá kan. Ohun tí a ń bẹ̀ yín fún ni èyí: ẹ fi aṣọ dá iyàrá náà sí méjì. Kí ọmọbìnrin má ṣe dá lọ sí balùwẹ̀ ẹ̀yìnkùlé ní òru. Kí ìyá tàbí ẹ̀gbọ́n rẹ̀ obìnrin mú iná tẹ̀ lé e. Ẹ bá àwọn ayálégbé yòókù dá owó, kí ẹ fi ìdè sí ilẹ̀kùn balùwẹ̀ láti inú. Ìdè kan kò wọ́n, a sì mọ ilé oníyàrá 14 tí kò ní ẹyọ kan.

Àwọn kan sì wà láàárín wa tí ó ní agbára láti kọ́lé, tí wọ́n sì ti kọ́ ọ, ṣùgbọ́n kì í ṣe níhìn-ín. Ilé náà wà ní ìlú wa, alájà kan, iyàrá 7, geeti irin. Alángbá ni ó ń gbé inú rẹ̀ láti oṣù Kínní títí di ọjọ́ Kérésìmesì. Níhìn-ín, ọmọ 5 sùn nínú iyàrá kan tí òjò ń jò sí. Nígbà tí a kó àwọn Júù lọ sí Bábílónì, Jeremáyà kọ ìwé sí wọn. Ó wà ní orí 29. Ó ní kí wọ́n kọ́lé ní ìlú àjèjì náà kí wọ́n máa gbé inú rẹ̀, kí wọ́n gbin ọgbà, kí wọ́n sì máa bímọ níbẹ̀. Kò sí ọba tí ó kó àwa lẹ́rú wá. Ẹsẹ̀ ara wa ni a fi wá. Àwọn bàbá tí ó ṣáájú wa tilẹ̀ ré Odò Ọya kọjá nínú ọkọ̀ ojú omi láti Asaba, kí wọ́n tó kọ́ afárá Onitsha parí ní ọdún 1965. Bí a bá fi ẹsẹ̀ ara wa wá, tí a sì bímọ níhìn-ín, ibi tí ọmọ ń sùn lónìí ni kí owó kọ́kọ́ lọ. A mọ̀ pé ọ̀rọ̀ yìí yóò bí àwọn kan nínú. Ọ̀kan nínú àwa tí a jùmọ̀ kọ ọ́ ní ilé bẹ́ẹ̀ ní ìlú rẹ̀. Ọdún 3 ti kọjá tí kò sùn níbẹ̀.

Ẹni tí ó bá wá fẹ́ kọ́lé, kí ó bi bíríkìlà rẹ̀ ní àwọn nǹkan wọ̀nyí kí wọ́n tó fa okùn. Kí iyàrá àwọn ọmọ sún mọ́ ti òbí tó bẹ́ẹ̀ tí ìyá yóò fi gbọ́ ikọ́ ọmọ. Kí fèrèsé wà ní ògiri méjì, kí afẹ́fẹ́ lè wọlé ní ọ̀kan kí ó sì jáde ní èkejì. Ẹ má ṣe fi iyàrá wọn sí ìhà ìwọ̀-oòrùn bí ẹ bá lè yẹ̀ ẹ́, nítorí ògiri tí ó bá gba oòrùn ìrọ̀lẹ́ yóò máa tu ooru rẹ̀ sínú iyàrá títí di ọ̀gànjọ́. Kí òrùlé yọ síta dáadáa. Òjò ìlú yìí ju mílímítà 2,000 lọ ní ọdún kan, ó fẹ́rẹ̀ẹ́ tó ìlọ́po méjì ti Ìbàdàn, ògiri tí òjò bá sì ń nà a máa rin, a máa dúdú, ọmọ a sì máa húkọ́. Kí a ti kan ìkọ́ mọ́ àjà fún àwọ̀n ẹ̀fọn nígbà tí káfíńtà ṣì wà lórí àkàbà; àwọ̀n tí kò ní ibi tí a ó so ó kọ́ sí, inú àpótí ni yóò wà, ibà yóò sì máa pa ọmọ. Láti òpin ọdún 2016 ni èéfín dúdú àwọn tí ń fọ epo ní ìkọ̀kọ̀ ti ń bà sí ojú fèrèsé wa. Aṣọ tútù ni kí a máa fi nù ún. Ìgbálẹ̀ ń gbé e fò sínú imú ọmọ ni.

Irin fèrèsé ńkọ́? Nítorí olè ni a fi ń sé e, olè sì wà. Ṣùgbọ́n bí iná bá sọ ní pálọ̀, irin tí kò jẹ́ kí olè wọlé kò ní jẹ́ kí ọmọ jáde. Kí wẹ́dà ṣe irin fèrèsé kan nínú iyàrá àwọn ọmọ ní ilẹ̀kùn, kí kọ́kọ́rọ́ rẹ̀ wà nínú iyàrá náà ní ibi tí ọmọ tí ó dàgbà jù mọ̀, kí olè má sì lè na ọwọ́ dé ibẹ̀.

Ní ti balùwẹ̀ àti ilé ìgbọ̀nsẹ̀, ọ̀rọ̀ pọ̀ níbẹ̀. Kí ti àwọn ọmọ wà nínú ilé, kí ilẹ̀kùn rẹ̀ kọjú sí tiwọn. Bí ó bá fi ẹ̀yìn ti balùwẹ̀ àwọn òbí, ògiri kan ni páìpù méjèèjì yóò gbà, owó yóò sì dín. Ẹ má ṣe jẹ́ kí ẹnikẹ́ni tà yín ní agbada ìwẹ̀ ńlá tí a ń dùbúlẹ̀ sí; garawa àti igbá ni àwọn ọmọ wa ń lò, ibi tí wọn yóò dúró sí ni wọ́n nílò. Kí táìlì ilẹ̀ rẹ̀ rí ṣákaṣàka, kí ó sì dà sí ojú ihò omi. Kí ẹ̀rọ omi kan wà nísàlẹ̀ tí ọwọ́ ọmọ ọdún 4 lè tó. Kí ilẹ̀kùn jẹ́ èyí tí a lè ṣí láti ìta bí ọmọ bá ti ara rẹ̀ mọ́lé. Omi tútù ni kí a kọ́kọ́ bù sí garawa kí a tó da gbígbóná lé e, nítorí ọmọdé kì í dúró gbọ́ àlàyé. Kí gbogbo dúrọ́ọ̀mù ní ìdérí. Ọmọ tí ó ṣẹ̀ṣẹ̀ ń rìn lè fi orí kan omi tí kò ju ìbú ọwọ́ kan lọ ní ìsàlẹ̀ garawa, kí ó má sì lè yọ ara rẹ̀.

Àti kànga ẹ̀rọ. Omi ilẹ̀ wa níhìn-ín a máa pọ́n bí ìpẹtà, a máa ba aṣọ funfun jẹ́, gbogbo wa a sì máa ráhùn. Irin inú ilẹ̀ ni ó ń ṣe èyí. Èyí tí ń pa ọmọ, omi rẹ̀ a máa mọ́ gaara: onígbáméjì, táífọ́ọ̀dù, ìgbẹ́ gbuuru. Láti inú sọ́kàwéè ni ó ti ń yọ́ lọ bá kànga lábẹ́ ilẹ̀. Àwọn tí ń ṣètò omi fún àwọn tí ogun lé kúrò nílé ní kí kòtò ẹ̀gbin jìnnà sí omi mímu tó mítà 30, kí ìsàlẹ̀ kòtò náà sì ga ju omi abẹ́ ilẹ̀ lọ ní mítà kan àti ààbọ̀. Ilẹ̀ tí ó wọ́pọ̀ níhìn-ín jẹ́ ẹsẹ̀ bàtà 50 ní ìbú àti 100 ní gígùn. Mítà 30 fẹ́rẹ̀ẹ́ jẹ́ gbogbo gígùn rẹ̀! Igun kan sí igun kejì tí ó dojú kọ ọ́ nìkan ni a ti lè rí i. Kódà nígbà náà, sọ́kàwéè aládùúgbò lè wà lẹ́yìn ògiri gan-an níbi tí ẹ fẹ́ gbẹ́ kànga sí. Nítorí náà ẹ kan ilẹ̀kùn rẹ̀, ẹ kí i, ẹ bi í léèrè kí ẹ tó pe àwọn agbẹ́kànga. Ní Borikiri àti etí omi gbogbo, níbi tí ẹ bá walẹ̀ díẹ̀ tí omi ti ń sun, kòtò tí a fi sìmẹ́ńtì rẹ́ pátápátá ni kí ẹ ṣe, kí ọkọ̀ máa wá fà á.

Ní ọ̀sẹ̀ 3 sẹ́yìn, a ní kí àwọn ọmọ ilé ẹ̀kọ́ Ọjọ́ Ìsinmi ya àwòrán ibi tí wọ́n ń sùn. A rí ohun tí ó yà wá lẹ́nu. Ọ̀kan ya tábìlì, ó sì ya ara rẹ̀ sí abẹ́ rẹ̀. Ọmọbìnrin ọdún 11 kan ya iyàrá tí ó dára, bàbá rẹ̀ kì í ṣe tálákà. A bi í pé kí ni ó kù tí ó fẹ́ níbẹ̀. A rò pé yóò ní tẹlifíṣọ̀n. Ó ní ìṣó kan ni òun fẹ́ ní balùwẹ̀, ní ibi tí ọwọ́ òun lè tó, kí òun lè fi aṣọ ìnura òun kọ́, nítorí pé ti gbogbo ilé ni wọ́n jọ ń lò. A ti sọ fún bàbá rẹ̀.

Arákùnrin wa ti Rumuokoro ti gbé ẹ̀rọ amúnáwá rẹ̀ lọ sí iwájú ọgbà, ariwo rẹ̀ sì ń dé pálọ̀ nísinsìnyí. Àwọn ọmọbìnrin rẹ̀ méjì ni ó wà nínú iyàrá àlejò. Ó fọ́ ògiri iyàrá ẹ̀yìn láti ṣí fèrèsé kejì fún àwọn ọkùnrin. Nígbà tí a lọ síbẹ̀ ní oṣù tí ó kọjá, a sun pálọ̀, ara sì tù wá.

Ó ku tiwa. Ilé ìjọsìn yìí ní ilé ìgbọ̀nsẹ̀ fún àlùfáà, ó sì ní fún àwọn àgbà. Ọmọ 60 ni ó ń wá sí ilé ẹ̀kọ́ Ọjọ́ Ìsinmi, ẹ̀yìn ògiri ni wọ́n ń lọ. Ìgbìmọ̀ ti fọwọ́ sí ilé ìgbọ̀nsẹ̀ méjì fún wọn, ọ̀kan fún ọkùnrin, ọ̀kan fún obìnrin, ìjókòó rẹ̀ yóò kúrú, ẹ̀rọ omi rẹ̀ yóò sì wà nísàlẹ̀. A ti wọn ibi tí sọ́kàwéè yóò wà sí kànga, igun sí igun. Ọjọ́ Àbámẹ́ta tí ń bọ̀, ní agogo 7 òwúrọ̀, ni a ó bẹ̀rẹ̀ sí í walẹ̀. Kí ẹni tí ó bá ní ṣọ́bìrì mú un wá. Àwọn ìyá ìjọ yóò se ẹ̀wà.